Nígbà Tí Wọ́n Lé Mi Kúrò Nídìí Tẹlifóònù

Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi jókòó sídìí tẹlifóònù ní ilé iṣẹ́ kan tó ń kó gẹdú lọ sí òkè òkun. Plateau ni ilé iṣẹ́ náà wà, láàrin àwọn ilé gíga Abidjan, ṣùgbọ́n yàrá tèmi kò ní fèrèsé. Abẹ́ àtẹ̀gùn ló wà. Ẹ̀rọ ńlá kan wà níwájú mi tó kún fún ihò àti okùn. Bí ẹnikẹ́ni bá pè wá láti èbúté, láti inú igbó tí wọ́n ti ń gé igi, tàbí láti ilẹ̀ Faransé, ohùn mi ni yóò kọ́kọ́ gbọ́. N óò béèrè ẹni tó ń wá, n óò ki okùn bọ ihò onítọ̀hún, n óò sì yọwọ́ yọsẹ̀ nínú ọ̀rọ̀ wọn. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló mọ ohùn mi láìmọ ojú mi. Kò dùn mí rárá. Mo fẹ́ràn iṣẹ́ náà.

Treichville, àdúgbò kan ní Abidjan náà, ni wọ́n bí mi sí. Èjìgbò ni bàbá mi ti wá. Aṣọ ló ń tà lọ́jà Treichville títí ojú rẹ̀ fi di bàìbàì, tó sì padà sílé lọ sinmi. Ìyá mi ti kú kí n tó jáde ilé ìwé. Nígbà tí bàbá ń lọ, ó ní kí n bá òun lọ, mo ní mo níṣẹ́. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n mi ò mọ Èjìgbò ju orúkọ rẹ̀ lọ. Faransé ni mo fi ń ka owó, òun náà ni mo fi ń pe ọdún. Soixante-treize ni mo máa ń pe ọdún 1973 tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀. Bí wọ́n bá ní kí n pè é ní Yorùbá, n óò kọ́kọ́ dákẹ́ ná. Ṣùgbọ́n bí ohun kan bá pa mí lẹ́rìn-ín, Yorùbá ni ẹ̀rín náà máa ń bá jáde.

Ẹnì kan ṣoṣo ni mo ń bá sọ Yorùbá ní ilé iṣẹ́ náà. Òun ni akọ̀wé ọ̀gá tó ń mójú tó àwọn òṣìṣẹ́. Porto-Novo ni ìdílé rẹ̀ ti wá. Bàbá rẹ̀ ti ṣe akọ̀wé ìjọba nígbà àwọn Faransé, gbogbo ilé wọn ló ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì. Èmi sì rèé, ọmọ ìmàle. Yorùbá tirẹ̀ yàtọ̀ sí tèmi, a sì máa ń fi ara wa ṣe yẹ̀yẹ́ nítorí rẹ̀. Ojoojúmọ́ la jọ ń jẹun ọ̀sán létí ọ̀sà lẹ́yìn ilé iṣẹ́, lábẹ́ igi kan tí ibòòji rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ tó ẹni méjì. Attiéké tí wọ́n fi gbágùúdá ṣe àti ẹja díndín la máa ń jẹ. A ó sọ ọ̀rọ̀ ọkọ rẹ̀, a ó sọ ọ̀rọ̀ àìlọ́kọ tèmi, a ó sọ̀rọ̀ bàtà. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ kò níṣẹ́, èmi náà ń bá wọn gbàdúrà. Nígbà tí ọ̀gá rẹ̀ sì wá iṣẹ́ fún ọkọ náà níbi tí ilé iṣẹ́ wa ń to gẹdú sí ní èbúté, ẹja tó tóbi jù lórí àtẹ ló rà fún mi lọ́jọ́ náà, a sì pẹ́ kí a tó padà wọlé.

Kò pẹ́ lẹ́yìn èyí ni wọ́n lé mi.

Àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan ni. Ọ̀gá tó ń mójú tó òṣìṣẹ́ ránṣẹ́ pè mí sókè. Òyìnbó Faransé ni, ẹni jẹ́jẹ́ tí kì í gbóhùn sókè. Ọ̀rẹ́ mi wà lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ níbi tó máa ń jókòó sí, ó ń tẹ̀wé. Kò gbójú sókè. Mo rò pé iṣẹ́ ló pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Mademoiselle, ẹ jókòó,” ọ̀gá náà wí. Ó ṣàlàyé fún mi pé ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ọ̀gá àgbà bá àwọn tó ni ilé iṣẹ́ sọ̀rọ̀ lórí tẹlifóònù ní ilẹ̀ Faransé, pé wọ́n fẹ́ ti ilé ìlagi kan pa ní ìgbèríko. Kò tíì sí ẹni tó kọ ọ́ sílẹ̀. Síbẹ̀ àwọn òṣìṣẹ́ ilé ìlagi náà ti gbọ́, wọ́n sì ti da iṣẹ́ sílẹ̀.

“Orí tẹlifóònù ni ọ̀rọ̀ náà mọ,” ó ní. “Ta ló wà nídìí tẹlifóònù?”

“Ọ̀gá, ọjọ́ wo ni wọ́n sọ ọ́?”

“Ọjọ́bọ̀, lọ́sàn-án.”

“Lọ́sàn-án, mi ò sí nínú yàrá yẹn. Bí mo bá fẹ́ lọ jẹun, mo máa ń so tẹlifóònù ọ̀gá àgbà mọ́ ìta tààrà. Ẹ bi akọ̀wé yín léèrè. Àwa méjèèjì la jọ jẹun lọ́jọ́ náà.”

Ó wo ọ̀nà ilẹ̀kùn. Lẹ́yìn ilẹ̀kùn náà, ìró ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ti dákẹ́. Mo ń retí kí ó pè é wọlé. Kò pè é.

“A ti pinnu,” ó ní.

Ìwé tó nà sí mi sọ pé mo ti ba ìgbẹ́kẹ̀lé jẹ́, pé kí n máa lọ lọ́jọ́ náà gan-an láìsí ìkìlọ̀ ṣáájú, àti pé owó oṣù náà àti owó ìsinmi mi yóò dúró títí wọn yóò fi parí ìwádìí. Wọn kò ṣe ìwádìí kankan. Bí wọ́n bá fẹ́ wádìí, èmi ni wọn ì bá kọ́kọ́ bi.

Nígbà tí mo sọ̀ kalẹ̀, ọkùnrin kan ti dúró sẹ́nu ọ̀nà yàrá mi. Wọ́n ní kí ó máa wò mí bí mo ṣe ń kó ẹrù. Mo mú ìborùn mi àti ife tí mo fi ń mu tíì. Iná kékeré kan ń ṣẹ́jú lára ẹ̀rọ náà, ẹnì kan ń pè láti ìta. Ọwọ́ mi ti nà lọ síbẹ̀ kí n tó mọ̀.

“Ẹ fi sílẹ̀,” ọkùnrin náà wí.

Nírọ̀lẹ́, mo dúró de ọ̀rẹ́ mi ní ibùdókọ̀ tó ti máa ń sọ̀ ní Treichville. Òun àti ọkọ rẹ̀ ló jọ dé. Ọkọ rẹ̀ kí mi, ó sì ṣáájú lọ. Ọ̀rẹ́ mi di báàgì rẹ̀ mú pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì.

“N óò wá bá ọ lọ́la,” ó ní.

Mo ní, “Ṣé wàá sọ fún ọ̀gá pé a jọ jẹun ni?”

“Jẹ́ kí n wá bá ọ lọ́la.”

Kò wá lọ́jọ́ kejì. Nígbà tí ọ̀sẹ̀ parí, mo mọ̀ pé kò ní wá mọ́.

Ohun tí mi ò mọ̀ nípa kí wọ́n lé ènìyàn níbi iṣẹ́ ni bí ilé ṣe máa ń dákẹ́ lówùúrọ̀. N óò jí ní àkókò tí mo máa ń jí. N óò wẹ̀, n óò wọ aṣọ, n óò wá jókòó sórí ibùsùn. Gbogbo ará àgbàlá wa ni yóò ti jáde tán, àwọn tó ń lọ ọjà, àwọn tó ń lọ èbúté. Àwọn obìnrin tó kù sílé yóò máa rọra sọ̀rọ̀ bí mo bá kọjá. Ẹnikẹ́ni kò hùwà ìkà sí mi. Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́sàn-án ni ohùn ènìyàn fi ń wọ etí mi láti òwúrọ̀ di ìrọ̀lẹ́, etí náà kò mọ ohun tí yóò ṣe fúnra rẹ̀. Nígbà mìíràn n óò ṣàdédé gbọ́ ìró tẹlifóònù, n óò sì yí orí, tí kò ní sí nǹkan kan níbẹ̀ bí kò ṣe ewúrẹ́ ará ilé wa.

Lọ́jọ́ kan mo lọ sí ilé ìfìwéránṣẹ́, mo wọ ibi tí wọ́n ti ń sanwó láti fi tẹlifóònù pè, mo sì pe ilé iṣẹ́ wa. Mi ò mọ ohun tí mo fẹ́ sọ. Ọmọbìnrin kan tí ohùn rẹ̀ ṣì kéré ló dáhùn. Ó pe orúkọ ilé iṣẹ́ náà bí ẹni tó ń kà á nínú ìwé. “Allô? Allô?” Mo gbé tẹlifóònù náà sétí fún ìgbà díẹ̀, mo ń gbọ́ bó ṣe ń mí, mo sì rọra gbé e kalẹ̀.

Ìgbà náà ni mo lọ bá ọ̀rẹ́ bàbá mi, àgbà kan lára àwọn ará Èjìgbò ní Treichville. Mo kúnlẹ̀ kí i, mo ro ọ̀rọ̀ náà fún un, mo sì sọ pé mo fẹ́ gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí ọ́fíìsì ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, èyí tí gbogbo wa ń pè ní Inspection.

“Ọmọ mi,” ó ní, “àlejò ni wá níbí. Òyìnbó ló lé ọ, ọmọ onílẹ̀ ni yóò dá ẹjọ́ náà. Ibo ni ìwọ wà nínú rẹ̀?”

“Bàbá, ibí ni wọ́n bí mi sí.”

“Ṣé èmi ni o ń sọ ìyẹn fún? Mo wà níbi ìsọmọlórúkọ rẹ. Síbẹ̀, àlejò ni wá. Bí o bá pariwo, gbogbo wa ni wọn yóò yíjú wò.”

Kì í ṣe ènìyàn burúkú. Nígbà tí mo fẹ́ máa lọ, ó ní kí wọ́n bu ìrẹsì fún mi. Láti ọjọ́ náà, bí a bá pàdé, á béèrè àlàáfíà mi, kò sì ní béèrè ẹjọ́.

Mo lọ sí Inspection. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan ló gbọ́ tẹnu mi, ọmọ Kódífuà tó wọ aṣọ aláwọ̀ búlúù, tó sì jọ pé orí ń fọ́ ọ. Ó ka ìwé tí wọ́n fún mi.

“Ṣé wọ́n gbọ́ tẹnu yín kí wọ́n tó kọ èyí?”

“Wọ́n ti kọ ọ́ tán kí n tó jókòó.”

Ó ránṣẹ́ sí ilé iṣẹ́ náà pé kí wọ́n wá kí a jọ yanjú rẹ̀. Agbẹjọ́rò ni wọ́n rán wá. Ó ní ilé iṣẹ́ lè bu owó díẹ̀ fún mi, tí mo bá fọwọ́ síwèé pé èmi ni mo fúnra mi fiṣẹ́ sílẹ̀. Ó sọ ọ́ bí ìgbà tí ènìyàn ń ran ọmọdé sọdá títì. Mo nílò owó náà, kí n má parọ́. Ilé tí mò ń gbé, mo ti jẹ gbèsè rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí mo bá fọwọ́ sí i, ó di pé mo gbà pé etí mi ń jalè. Mo ní rárá.

Ọ̀dọ́mọkùnrin náà pa ìwé rẹ̀ dé. “Ó di ilé ẹjọ́ òṣìṣẹ́ nìyẹn,” ó ní. “Kò pọn dandan kí ẹ ní agbẹjọ́rò níbẹ̀. Sùúrù lẹ máa nílò.”

Mo kó kúrò ní Treichville lọ sí Anoumabo, nítorí ilé kò wọ́n níbẹ̀. Abúlé àwọn Ebrié tó ni ilẹ̀ Abidjan ni, ìlú ti yí i ká, àwọn ilé sì fún mọ́ra wọn. Opó arúgbó kan ló ni ilé tí mo gba yàrá kan nínú rẹ̀. Faransé díẹ̀ tó gbọ́ la fi ń kíra. Mo rí iṣẹ́ ní ilé ìfọṣọ kan ní àdúgbò Marcory, níbi tí mo ti ń lọ aṣọ ní yàrá ẹ̀yìn. Iṣẹ́ tó mọ́ ni, ṣùgbọ́n aṣọ kì í pe ènìyàn. Faransé ni mo fi ń bá ọ̀gá mi sọ̀rọ̀, èdè Dioula ni mo fi ń nájà, Lárúbáwá ni mo fi ń kírun. Ọ̀sẹ̀ a gorí ọ̀sẹ̀, Yorùbá kan ò ní jáde lẹ́nu mi. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ìrẹsì mi jóná nídìí ìkòkò, mo sì gbọ́ tí ẹnu mi sọ pé, “Kí ló tún wá dé báyìí?” Mo tún un sọ, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, nítorí kí n lè tún gbọ́ ọ.

Mi ò dẹ́kun wíwá iṣẹ́ tẹlifóònù. Gbogbo ibi tí mo dé ni wọ́n ti ń béèrè ìwé ẹ̀rí láti ọ̀dọ̀ ẹni tí mo bá ṣiṣẹ́ tẹ́lẹ̀, ilé iṣẹ́ wa kò sì fún mi. Lọ́jọ́ kan mo wọ ọ́fíìsì kan ní èbúté, ti àwọn tó ń bá ènìyàn kó ẹrù kọjá lọ́wọ́ aṣọ́bodè. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ kí obìnrin tó wà níwájú ni, ọkùnrin kan jáde wá láti yàrá inú. Ó ti ń dàgbà, irun rẹ̀ ti funfun létí.

“Ohùn yìí,” ó ní. Ó tẹjú mọ́ mi. “Ẹ̀yin ni ti ilé iṣẹ́ gẹdú. Ẹ̀yin lẹ máa ń sọ fún mi pé, ‘Ẹ ṣe sùúrù díẹ̀, monsieur, wọ́n ń bọ̀.’”

Mo mọ ohùn tirẹ̀ náà. Ọjọ́ kì í kọjá kí ó tó pe ilé iṣẹ́ wa, ó máa ń húkọ́ kí ó tó sọ̀rọ̀. Ó ní òun ti rò pé arúgbó tó sanra ni mí. Àwa méjèèjì rẹ́rìn-ín. Ó fa àga fún mi, ó ní kí wọ́n gbé kọfí wá, ó sì ń béèrè lọ́wọ́ mi bí mo ṣe ń dá àwọn tó ń pè lórí ìlà burúkú mọ̀. Inú mi dùn débi pé ọ̀rọ̀ ń ṣubú lu ara wọn lẹ́nu mi. Ó ní kí n padà wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, pé ẹni tó wà nídìí tẹlifóònù wọn fẹ́ lọ bímọ.

Nígbà tí mo padà lọ, òun fúnra rẹ̀ ló jáde wá bá mi lẹ́nu ọ̀nà. Kò ní kí n jókòó.

“Mo pe ilé iṣẹ́ yín,” ó ní. Ó wo ilẹ̀. “Ẹ bá mi rò ó wò. Nídìí tẹlifóònù, ìgbẹ́kẹ̀lé ni gbogbo rẹ̀.”

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹsẹ̀ ni mo fi rìn láti èbúté dé Anoumabo lọ́jọ́ náà.

Ẹjọ́ náà ń falẹ̀. Wọ́n á dá ọjọ́, agbẹjọ́rò ilé iṣẹ́ á ní òun kò tíì ṣetán, wọ́n á tún dá ọjọ́ mìíràn. Ọ̀sẹ̀ tó ṣáájú ọjọ́ tí wọ́n máa gbọ́ ẹjọ́ náà gan-an ni obìnrin kan dé láti Èjìgbò. Ó ti wá mi lọ sí Treichville, wọ́n júwe Anoumabo fún un. Ẹ̀bá ẹ̀rọ omi ló ti bá mi.

“Ṣé ìwọ lọmọ aláṣọ tó lọ sílé?” ó béèrè. Mo ní èmi ni. Ó ní kí n gbé garawa náà kalẹ̀.

Bàbá mi ti kú. Wọ́n ti sin ín, wọ́n ti ṣàdúrà ọjọ́ kẹjọ, wọ́n ti ṣe ti ogójì. Ìròyìn náà pẹ́ lọ́nà nítorí wọn kò mọ ibi tí mo kó lọ, èmi náà ò sì kọ̀wé sí wọn láti ìgbà tí wọ́n ti lé mi. Obìnrin náà ní bàbá kò jìyà. Ó ní títí dé òpin ni wọ́n fi ń fi mí yangàn fún gbogbo ẹni tó bá wá kí wọn.

“Wọ́n ní bí òyìnbó bá fẹ́ bá òyìnbó sọ̀rọ̀ ní Abidjan, ọ̀dọ̀ ọmọ àwọn ni yóò gbà kọjá.” Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. “Ṣé iṣẹ́ náà ṣì wà?”

“Ó wà,” mo ní.

Nígbà tó lọ, mo jókòó sórí garawa tí mo dojú rẹ̀ délẹ̀. Opó tó ni ilé rí mi, ó béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀. “Bàbá mi ni,” mo sọ ọ́ ní Faransé. Ó gbé àpótí wá, ó jókòó tì mí, ó ń bó gbágùúdá rẹ̀ lọ. Ó bó o títí oòrùn fi wọ̀.

Ilé ẹjọ́ òṣìṣẹ́ kò tóbi. Adájọ́ wà láàrin, ẹnì kan láti ọ̀dọ̀ àwọn agbanisíṣẹ́ wà lápá kan rẹ̀, ẹnì kan láti ọ̀dọ̀ àwọn òṣìṣẹ́ wà lápá kejì. Nígbà tí wọ́n ní kí n rojọ́, adájọ́ tẹ orí síwájú.

“A ò gbọ́ yín, madame. Ẹ gbóhùn sókè.”

Èmi tó jẹ́ pé ohùn ni mo fi jẹun. Mo gbìyànjú, ó tún já. Ọ̀sẹ̀ tó kọjá lọ, ó ṣeé ṣe kí n má sọ ju gbólóhùn ogún lọ. Lẹ́ẹ̀kẹta ni ohùn náà wá jáde, mo sì ro gbogbo rẹ̀, ọjọ́bọ̀ yẹn, igi etí ọ̀sà, ẹni tí a jọ jẹun. Mo ti bẹ ilé ẹjọ́ pé kí wọ́n pe ọ̀rẹ́ mi wá jẹ́rìí. Ó wà níbẹ̀. Aṣọ tó máa ń wọ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì ló wọ̀.

“Ṣé ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ jẹun ọ̀sán lọ́jọ́ náà?” adájọ́ bi í.

“A máa ń jọ jẹun. Ṣùgbọ́n ọjọ́ yẹn gan-an, mi ò rántí.”

“Ṣé ẹ ò rántí pé ẹ jọ jẹun ni, àbí ẹ rántí pé ẹ ò jọ jẹun?”

“Mi ò rántí.”

Nígbà tó ń padà sí ìjókòó rẹ̀, ó kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mo gbóòórùn páúdà tó máa ń fi sọ́rùn. Mo rò pé bí ó bá lè wò mí ní ẹ̀ẹ̀kan péré, n óò dárí jì í níbẹ̀. Kò wò mí.

Kò sí ẹlòmíràn tí mo lè pè. Mo jókòó, mo gbà pé ó ti tán. Adájọ́ wá yíjú sí agbẹjọ́rò ilé iṣẹ́.

“Kí ni ẹ̀rí yín pé ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà?”

“Kò sí ẹlòmíràn tó lè gbọ́ ọ, ọ̀gá adájọ́.”

“Ìyẹn kì í ṣe ẹ̀rí. Ṣé ẹ ní kí ó ṣàlàyé kí ẹ tó lé e?”

Agbẹjọ́rò náà ń ṣí ìwé kiri.

Lọ́jọ́ tí wọ́n ka ìdájọ́, èmi nìkan ni mo lọ. Adájọ́ ní ẹni tó lé òṣìṣẹ́ ni ó gbọ́dọ̀ sọ ìdí rẹ̀, kí ó sì fi ìdí náà hàn. Kì í ṣe òṣìṣẹ́ ni yóò máa wá ẹni tí yóò jẹ́rìí pé òun kò jẹ̀bi. Ó ní ilé iṣẹ́ náà kò fi nǹkan kan hàn, nítorí náà wọ́n lé mi lọ́nà àìtọ́. Kí wọ́n san owó oṣù tí wọ́n dì mú, owó ìsinmi, owó àkókò ìkìlọ̀ tí wọn kò fún mi, àti owó gbà-máà-bínú. Ṣùgbọ́n wọn kò lè dá mi padà sídìí tẹlifóònù náà. Òfin kò fún wọn ní agbára ìyẹn.

Gbogbo ìgbà tí mo ti ń rò ó, mo ti rò pé bí mo bá jàre, ẹnì kan yóò jẹ́rìí mi ni. Mi ò rò pé n óò jàre lọ́jọ́ tí ẹnikẹ́ni kò bá mi sọ̀rọ̀. Níta, àwọn tí wọ́n dá ẹjọ́ tiwọn lọ́jọ́ náà ń dì mọ́ àwọn ènìyàn wọn. Mo dúró díẹ̀ lórí àtẹ̀gùn bí ẹni tó ń retí ẹnì kan, mo sì gba orí afárá lọ sí Treichville. Mo lọ sọ fún ọ̀rẹ́ bàbá mi. Ó ní, “Alhamdulilahi.” Ó béèrè bóyá ara mi le.

Ilé iṣẹ́ náà pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ọdún kan àti díẹ̀ tún kọjá, mò ń lọ aṣọ. Ilé ẹjọ́ tó ga jù bẹ́ẹ̀ lọ fọwọ́ sí ìdájọ́ àkọ́kọ́. Wọ́n wá ránṣẹ́ sí mi pé kí n wá gba owó mi lọ́dọ̀ akápò.

Mo wọ ilé náà bí àlejò. Láti abẹ́ àtẹ̀gùn ni mo ti gbọ́ ohùn ọmọbìnrin náà, ó ti dàgbà sínú iṣẹ́, ó ń sọ̀rọ̀ láìkánjú. Akápò fún mi ní owó náà, ó ní kí n fọwọ́ síwèé, ó sì kí mi pé ó dàbọ̀. Bí mo ṣe ń jáde ni mo pàdé ọ̀rẹ́ mi lórí àtẹ̀gùn, ó ń gòkè bọ̀.

Ó dúró. Yorùbá ló fi bá mi sọ̀rọ̀.

“Mo gbọ́ nípa Bàbá. Ọlọ́run á tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere.”

“Àmín.”

“Ọkọ mi ni mo rò,” ó ní. “Bí mo bá sọ̀rọ̀, èmi àti òun ni wọn ì bá lé. Àwọn ọmọ wà ńlẹ̀. Ìwọ nìkan ni. Mo ní ìwọ nìkan ni, wàá rọ́nà gbé e gbà.”

Kò sọ ọ́ láti fi gún mi. Bó ṣe rò ó nìyẹn, ó sì jẹ́ òótọ́.

“Bẹ́ẹ̀ ni,” mo ní. “Èmi nìkan ni.”

Ó na ọwọ́, ó fẹ́ di ọwọ́ mi mú. Ẹnì kan ń sọ̀ kalẹ̀ láti òkè. Ó kí ẹni náà ní Faransé, ó sì gòkè lọ. Mo bínú sí i pẹ́. Ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá bi mí léèrè ohun tí mo pàdánù jù ní ilé iṣẹ́ náà, òun ni. Ẹni tó sọ ọ̀rọ̀ ọ̀gá àgbà síta, mi ò mọ̀ ọ́n títí di òní.

Ilé ìwòsàn kan ní Treichville gbà mí sídìí tẹlifóònù wọn, nítorí mo ní ìwé ìdájọ́ lọ́wọ́ báyìí. Wọ́n ní kí n bẹ̀rẹ̀ ní ìparí oṣù. Mo fi ọjọ́ tó kù wọ ọkọ̀ lọ sí Èjìgbò fún ìgbà àkọ́kọ́ láyé mi.

Ẹ̀yìn ilé ni sàréè bàbá wà. Àbúrò wọn obìnrin ló kù sílé, arúgbó tí eyín rẹ̀ ti kán níwájú. Àwọn ọmọdé ń tẹ̀ lé mi kiri láti gbọ́ bí mo ṣe ń pe ọ̀rọ̀. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, a jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ń ṣa ẹ̀wà.

“Iṣẹ́ ọ̀hún ńkọ́?” ó ní. “Èyí tí bàbá rẹ máa ń sọ.”

Mo ní wọ́n lé mi. Ó dá ọwọ́ dúró nínú ẹ̀wà náà. Mo sì rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀, ní Yorùbá. Níbi tí Yorùbá bá ti wọ́n mi, mo fi Faransé dí i, kò sì dá mi dúró. Mo dé orí ìdájọ́, mo ní wọ́n fún mi ní owó oṣù mi, wọ́n sì fi owó gbà-máà-bínú lé e.

“Gbà-máà-bínú,” ó tún un pè. “Ta ló wá sọ fún ọ pé kí o má bínú?”

“Kò sí, Ìyá.”

“Kò sẹ́nì kan?”

“Akápò ní kí n fọwọ́ síwèé.”

Ó mi orí lọ mi orí bọ̀. “Ṣé inú ṣì ń bí ọ?”

Mo rò ó. “Kì í ṣe ìbínú mọ́. Mi ò kàn tíì rí ẹni sọ ọ́ fún ni.”

“O ti sọ ọ́ báyìí.” Ó ti ìdajì ẹ̀wà náà sí iwájú mi. “Bá mi ṣa á, kí oòrùn tó wọ̀.”

A ṣa á tán, ó gbé e kaná. Ó ní kí n tún apá kan ọ̀rọ̀ náà sọ, nítorí òun kò gbọ́ ọ dáadáa, ibi tí wọ́n ti ní kí n gbóhùn sókè. Mo tún un sọ. Mo lo ọjọ́ mẹ́ta sí i ju bí mo ṣe pète lọ, kí n tó wọ ọkọ̀ padà sí Abidjan.